Ìṣẹ́jú Àáyá Mẹ́wàá

Àtàǹpàkò mi yìí, ẹ wò ó dáadáa.
Ọdún mẹ́tàlélógún ló ti ń ka pépà ní Ṣómólú,
lẹ́yìn Bájùláyé, níbi tí àwọn ilé ìtẹ̀wé
ti fẹ̀yìn tira wọn bí ìṣáná inú páálí.
Ẹ̀ẹ́dẹ́gbẹ̀ta abala ló wà nínú ríìmù kan,
kì í fo ọ̀kan.
Ó mọ èyí tó nípọn, ó mọ èyí tó fẹ́lẹ́,
afọ́jú tó ń ríran ni.

Fóònù dé, ó gbàgbé iṣẹ́ tó ń bọ́ ọ.
Ó ń fa ojú gíláàsì sókè,
ó ń fà á, kò fa nǹkan kan jáde,
okùn kànga tí kò ní korobá lẹ́nu.
Ẹni tó ń jó, ẹni tó ń jà,
ọkùnrin tó ń fọ kápẹ́ẹ̀tì nílùú tí n kò mọ̀,
ajá tó wọ bàtà,
obìnrin kan tó ń sunkún: n ò dúró gbọ́ ohun tó ṣe é.
Mo fà á, ó fà mí.
Aago méjì òru, jẹnẹrétọ̀ àdúgbò ti dákẹ́ tipẹ́,
ojú mi nìkan ló ń tàn nínú yàrá bí ojú ológbò.

Ìwé orin ìjọ kan ló tú àṣírí mi.
Igba ẹ̀dà. Ọwọ́ òsì ń to abala,
ọwọ́ ọ̀tún ń fà, ń fà.
Ọjọ́ Àìkú dé, gbogbo ìjọ dìde fún orin ìdúpẹ́,
wọ́n ṣíwèé, wọ́n bá ara wọn láàárín orin ìsìnkú.
Ìyá Ṣàṣẹgbọ́n, adarí akọrin, kò bú mi.
Ó kàn gbé ẹ̀dà kan sórí tábìlì, ó ní,
“Ẹ bá wa kà á.”
Mo kà á.
Ojú ewé kẹrìnlá. Èyí tó tẹ̀ lé e, kẹtàdínlógún.

Ìbídùn ọmọ mi ló fi áàpù náà sí i.
Ó gba fóònù lọ́wọ́ mi bí ẹni gba ọ̀bẹ lọ́wọ́ ọmọdé.
“Bàbá, ẹ má bínú. Aṣọ́bodè lásán ni.”
Tí mo bá ti fọwọ́ kan ibi tí mo máa ń fọwọ́ kàn,
ojú fóònù á dúdú, róbótó funfun kan
á máa wú, á máa rọ̀, bí ikùn ẹni tó sùn.
Á ní: Kí lẹ ń wá?
Á ní: Ẹ dúró ná. Ìṣẹ́jú àáyá mẹ́wàá.

Mo ti bá ọlọ́pàá jiyàn rí,
mo ti bá onílé jiyàn,
n ò mọ èsì tí n ó fún róbótó.
Mo kọ “iṣẹ́”. Irọ́ ni.
Mo kọ “ìròyìn”. Irọ́ tó wọ agbádá.
Lọ́jọ́ kẹta mo kọ “n ò mọ̀”.
Ó gbà á, kò rẹ́rìn-ín.
Tó bá dalẹ́ á kà á fún mi: ìgbà mọ́kànléláàádọ́rin.
Èmi tí mò ń ka ríìmù, wọ́n wá ń ka èmi.
Ní Jímọ́ọ̀ mo bínú yọ ọ́ dànù.
Ní Sátidé mo sọ fún Ìbídùn pé ó ṣèèṣì parẹ́.
Ó wò mí. Ó dá a padà.

Lánàá, oorun tún dá lójú mi.
Àtàǹpàkò ti lọ kí n tó mọ̀.
Róbótó wú, ó rọ̀.
Mẹ́wàá. Omi ń kán sínú korobá ní bálùwẹ̀.
Mẹ́jọ. Iná dé ní òdìkejì,
ẹ̀rọ ìtẹ̀wé ẹnì kan bẹ̀rẹ̀: gbàdà, gbàdà.
Márùn-ún. Òórùn gọ́ọ̀mù lọ́wọ́ mi, ó ti pẹ́ tí mo gbọ́ ọ.
Mẹ́ta. Rísíkátù mí, kì í ṣe bí ẹni tó sùn.
“O ò tíì sùn?”
“Ìmọ́lẹ̀ yín kì í jẹ́ kí n sùn,” ó ní,
“láti ìgbà òjò.”

Fóònù ní: Àkókò ti pé. Ṣé kí n ṣí i?
Mo dojú rẹ̀ bolẹ̀.
Ọ̀rọ̀ owó iléèwé la sọ, ọ̀rọ̀ eékún rẹ̀ tó ń dùn ún,
títí wọ́n fi pe ìrun àsùbáà.

Ẹ má rò pé mo ti borí.
Kí n tó fọ ẹnu láàárọ̀ yìí, mo ti kọ “n ò mọ̀” lẹ́ẹ̀mejì.
Ṣùgbọ́n igba ìwé orin wà níwájú mi ní ṣọ́ọ̀bù,
mo ti tú wọn, mò ń tún wọn dì lọ́fẹ̀ẹ́.
Mo fi itọ́ ra àtàǹpàkò.
Mẹ́tàlá. Mẹ́rìnlá.
Mẹ́ẹ̀ẹ́dógún.